Kúnú ni ọmọ mi àti ọmọ ará ilé kejì fi ń bára wọn sọ̀rọ̀: ẹ bá mi dá sí i

Ìyá Ọmọ Mẹ́ta (Kúbwà)

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o, ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ kan wà lọ́kàn mi tí mo fẹ́ kí ẹ bá mi dá sí, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ ti pẹ́ ní Òkè Ọya.

Oṣù kìíní ọdún yìí la kó dé Kúbwà ní Àbújá láti Òṣogbo nítorí iṣẹ́ ọkọ mi. Àgbà nínú àwọn ọmọ mi ti pé ọdún 11, ó gbọ́ Òyìnbó, òun kò níṣòro. Àbíkẹ́yìn ṣì wà lẹ́yìn mi. Èyí àárín ni mò ń sọ, ọmọkùnrin, ọmọ ọdún 6. Ní Òṣogbo, òun ni aláròyé ilé wa, ọ̀rọ̀ kì í tán lẹ́nu rẹ̀. Àtìgbà tí a ti dé ibí ló ti panu mọ́. Tó bá ti ilé-ìwé dé, á jókòó sẹ́nu ọ̀nà, á máa fi igi ha ilẹ̀. Mo bi í pé kí ló dé, ó ní, "Màmá, wọn ò gbọ́ ohun tí mò ń sọ, èmi náà ò gbọ́ tiwọn." Ọ̀rọ̀ yẹn kò jẹ́ kí n sùn lálẹ́ ọjọ́ náà.

Ìdílé kan láti Katsina ló ń gbé yàrá tó dojú kọ tiwa. Ìyá ilé náà ń ṣe kúnú tà, ohun mímu tí wọ́n ń fi jéró ṣe. Tó bá di nǹkan bí agogo 5 ìdájí, mo máa ń gbọ́ ìró omi àti asẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀. Ó ní ọmọkùnrin kan tó lè tó ọmọ ọdún 7. Lọ́jọ́ kan nínú oṣù kẹta, iná ti lọ látàárọ̀, ooru sì mú débi pé ògiri ń gbóná lọ́wọ́. Àwọn ọmọ kò lè dúró nínú ilé. Ọmọ náà jáde pẹ̀lú ahá kúnú lọ́wọ́, ó dúró bí ìṣísẹ̀ mẹ́ta sí ọmọ mi. Ó mu díẹ̀, ó wò ó. Ó tún mu díẹ̀. Ó wá na ahá náà sí i láìsọ nǹkan kan. Ọmọ mi bojú wẹ̀yìn wò mí, mo mi orí fún un. Ó gbà á, ó gbé e mu, atalẹ̀ inú rẹ̀ ta á lọ́fun, ó wúkọ́, omi bọ́ lójú rẹ̀. Ọmọ kejì bú sẹ́rìn-ín. Òun náà bú sẹ́rìn-ín. Mi ò tíì gbọ́ irú ẹ̀rín yẹn lẹ́nu rẹ̀ láti ìgbà tí a ti kúrò nílé.

Láti ọjọ́ yẹn, kò sí ìrọ̀lẹ́ tí wọn kì í jókòó pọ̀ lábẹ́ igi máńgòrò tó wà lẹ́nu géètì. Ọ̀kan á di ìgò mú, èkejì á gbé ife. Ẹni tó bá bù ú kọ́ ló ń kọ́kọ́ mu. Àwọn fúnra wọn ló ṣòfin yẹn, kò sẹ́ni tó kọ́ wọn.

Ìbéèrè mi rèé. Mo fẹ́ máa sanwó kúnú, obìnrin náà kì í gbà á. Mi ò mọ irú omi tó fi ń ṣe é, ọmọ mi kò sì fi bẹ́ẹ̀ ní ikùn líle. Ọkọ mi ní kí n ṣọ́ra, kí Yorùbá má lọ bọ́ lẹ́nu ọmọ. Èmi alára kò gbọ́ Háúsá ju sannu lọ. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe, kí sì ni kí n má ṣe, kí n má baà ba nǹkan tó dára yìí jẹ́?

Ọmọ Jọ́ọ̀sì

Àǹtí, ẹ jẹ́ kí wọ́n máa mu ún. Jọ́ọ̀sì ni wọ́n bí mi sí. Sóbò inú ọ̀rá tó ti dì gbagidi lèmi àti ọmọ Bẹ̀ròmù ilé kejì fi mọra wa. Ẹni tó bá fi eyín ya etí ọ̀rá ló ń kọ́kọ́ fún ẹnì kejì mu, ètè wa méjèèjì á pọ́n bíi ti ẹni tó jẹ obì. Ọjọ́ tí mo máa kọ́kọ́ sọ gbólóhùn kan pé lédè tí òun gbọ́, a ti di ọ̀rẹ́ tipẹ́. Ó ti lé ní 30 ọdún báyìí. Òun ló dúró tì mí nígbà tí mo sìnkú bàbá mi.

Tíṣà Máráràbá

Ẹ kú ìtọ́jú ọmọ, Ìyá Ọmọ Mẹ́ta. Àwọn ọmọ ọdún 5 sí 6 ni mò ń kọ́ ní Máráràbá láti ọdún 2012. Kíláàsì mi lónìí, bí Háúsá ti wà níbẹ̀ ni Gbágyi wà, Tiv wà, Ìdọmà wà, Ẹ́gọ́n wà, Íbò wà, àwa náà wà níbẹ̀. Nítorí náà, ohun tí ẹ kọ yẹn, mo ń rí i lọ́dọọdún, ní oṣù kẹsàn-án tí táàmù bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀.

Ẹ má fòyà nítorí pé ó panu mọ́. Ọmọ tó bá já bọ́ sáàárín èdè tuntun sábà máa ń dákẹ́ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan, ó sì lè tó oṣù mélòó kan. Etí rẹ̀ ló ń ṣiṣẹ́ lásìkò yẹn. Ohun tó ń yé e ti pọ̀ ju ohun tó lè sọ lọ. Ibi tí àwa òbí ti ń ṣe àṣìṣe ni pé a ó máa tì í nídìí pé "sọ̀rọ̀, sọ̀rọ̀, kí lo ń tijú sí?" Bí a bá ṣe ń tì í tó ni yóò máa pa ẹnu mọ́ tó.

Mo ti ronú púpọ̀ lórí ìdí tí ohun mímu fi máa ń ṣe é tí bọ́ọ̀lù kò fi lè ṣe é kíákíá. Bọ́ọ̀lù dára, ṣùgbọ́n ariwo ni bọ́ọ̀lù: gbá a síbí, dúró, òun ló fọwọ́ kàn án! Ọmọ tí kò gbọ́ èdè á kàn máa sá kiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá ni, ìgbà tó bá sì ṣe ohun tí kò tọ́, wọ́n á pariwo mọ́ ọn. Kúnú kì í kánjú. Ẹnì kan ń bù, ẹnì kan ń gbà, wọ́n gbọ́dọ̀ wojú ara wọn kó má baà dà nù. Gbogbo ọ̀rọ̀ tó bá sì jáde níbẹ̀, ohun tí ọ̀rọ̀ náà ń sọ wà lọ́wọ́ wọn. Tí ọmọ yẹn bá sọ pé zo, ọwọ́ rẹ̀ ti ń pè é wá. Tó bá sọ pé ka sha, ife ti dé ẹnu. Ƙara, fi kún un. Ya isa, ó ti tó. Da zaƙi, ó dùn. Da sanyi, ó tutù. Ọ̀rọ̀ bíi 6 nìyẹn, kò sẹ́ni tó ṣí ìwé kankan. Ẹ lọ dẹtí sí ọmọ yín lábẹ́ igi yẹn, ó ṣeé ṣe kó ti ní mẹ́rin nínú wọn.

Ẹ tún kíyè sí nǹkan kan. Yorùbá kì í ya ọkùnrin sọ́tọ̀ kúrò lára obìnrin nínú ọ̀rọ̀ báyìí, Háúsá ń yà á. Ka sha ni fún ọkùnrin, ki sha ni fún obìnrin. Ọmọbìnrin wa kan wà ní kíláàsì mi tó ń wí pé ka sha fún tọkùnrin tobìnrin fún odidi táàmù kan. Mi ò tún un ṣe lójú ẹgbẹ́ rẹ̀. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin kàn máa ń gba ife lọ́wọ́ rẹ̀, á ní "ki sha", á sì mu. Ojoojúmọ́ ló ń ṣe é bẹ́ẹ̀, kò fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ọjọ́ kan ni mo ṣàdédé gbọ́ tí ọmọ wa sọ ọ́ bó ti yẹ, òun pàápàá kò mọ̀ pé òun ti sọ ọ́.

Nítorí náà, ẹ má lọ di ògbufọ̀ láàárín wọn. Bí ẹ bá jókòó síbẹ̀ tí ẹ ń túmọ̀, ojú yín ni wọn yóò máa wò, wọn kò ní wo ara wọn mọ́. Ẹ wà nítòsí, ẹ máa ṣa ẹ̀fọ́ yín. Kí ìgò jẹ́ ẹyọ kan, kí ife jẹ́ méjì. Ìgò kan yẹn ṣe pàtàkì, torí bí olúkúlùkù bá ti ní ìgò tirẹ̀, kálukú á mu tirẹ̀ tán, á sì wọlé.

Nọ́ọ̀sì Alẹ́ (Gwágwáládà)

Mo ń ti ẹnu iṣẹ́ kọ ọ́, ẹ dárí jì mí bó bá rí bákan.

Mo fara mọ́ gbogbo ohun tí Tíṣà sọ, ife méjì pàápàá. Bí ọ̀kan bá ń wúkọ́ tàbí tí egbò wà lẹ́nu rẹ̀, ife kan náà ni yóò gbé e fún èkejì.

Ẹ̀rù kúnú tó ń bà yín kì í ṣe àsọdùn. Ìdí rẹ̀ ni pé kúnú kì í jinná tán. Bí wọ́n bá lọ jéró tán, wọ́n máa ń da omi gbígbóná lu apá tó pọ̀jù, wọ́n á wá po apá tó kù mọ́ ọn ní tútù. Bí omi kò bá mọ́, tàbí ọwọ́, tàbí aṣọ ìsẹ́, kòkòrò tó bá wà níbẹ̀ ti ríbi gbé. Bí kò bá sí fíríìjì, kúnú tó bá ti lé ní ọjọ́ kan, ẹ dà á nù, ẹ má tọ́ ọ wò. Yìnyín tí wọ́n ń jù sínú rẹ̀ lójú títì ń bà mí lẹ́rù ju kúnú fúnra rẹ̀ lọ, torí a kì í mọ omi tí wọ́n fi ṣe yìnyín. Ìgò oníke tí wọ́n ṣà nílẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni. Ẹ ó rántí oṣù kẹfà ọdún 2024 tí onígbáméjì jà l'Ékòó, ohun mímu tí wọ́n fi ọ̀fíò ṣe wà lára ohun tí àwọn aláṣẹ ìlera ibẹ̀ tọ́ka sí. Ọ̀fíò yẹn ni Háúsá ń fi ṣe kunun aya.

Àwọn méjì mìíràn tí ọmọ yín lè bá pàdé: kunun gyada, ẹ̀pà ni wọ́n fi ń ṣe é. Bí ètè ọmọ bá wú tàbí tí ara rẹ̀ sú lẹ́yìn tó mu ún, ẹ má fún un mọ́. Bí mímí bá ń ṣòro fún un, ilé ìwòsàn lójú ẹsẹ̀, ẹ má dúró wá nǹkan sí i nílé. Èkejì ni fúrá àti nónò, ìyẹn jéró sísè tí wọ́n pò mọ́ wàrà màlúù. Fúrá kò burú, wàrà tútù inú nónò ni kí ẹ béèrè bóyá wọ́n sè é, nítorí àìsàn wà tí wàrà tí a kò sè máa ń kó láti ara màlúù wá sára èèyàn.

Bí ìgbẹ́ gbuuru bá mú ọmọ, ẹ fún un ní omi ORS (iyọ̀ àti ṣúgà inú ọ̀rá tí wọ́n ń pò mọ́ omi) láìjáfara, kí ẹ sì gbé e wá.

Ẹ má tìtorí ohun tí mo sọ já ife gbà lẹ́nu ọmọ lójú ọ̀rẹ́ rẹ̀ o. Mo rí ìyá kan tó ṣe bẹ́ẹ̀ rí ní wọ́ọ̀dù wa. Ọmọ kejì, tí kò gbọ́ èdè rẹ̀, gbọ́ ohun tó ṣe yẹn yékéyéké.

Ìyá Ọmọ Mẹ́ta (Kúbwà)

Ẹ ṣeun, ẹ ṣeun gan-an. Tíṣà, mo lọ dẹtí lóòótọ́. Mo gbọ́ ƙara. Ó sọ ọ́ bí ọmọ Katsina gan-an, omi lé ròrò sójú mi.

Ọ̀rọ̀ omi yẹn wá ni. Báwo ni mo ṣe fẹ́ bi obìnrin tó ń fún ọmọ mi ní nǹkan lọ́fẹ̀ẹ́ pé ṣé omi rẹ̀ mọ́? Màì rúwá kan náà ló ń já omi fún àwa méjèèjì, inú jẹ́ríkáànù kan náà. Bí mo bá bi í, ara mi ni mò ń bi.

Ẹ̀gbọ́n Lúgbé

Ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi, kí ẹ má bínú. Ọ̀rọ̀ tí ọkọ Ìyá Ọmọ Mẹ́ta sọ, kí ẹ má fojú kékeré wò ó. Ọdún 4 la lò ní Kàdúná. Ọmọbìnrin mi débẹ̀ pẹ̀lú Yorùbá tó dán mọ́rán, ó kúrò níbẹ̀, ìyá mi pè é lórí fóònù, ó ń dá a lóhùn ní Òyìnbó. Màmá sunkún. Wọ́n ní, "Ṣé ọmọ yìí kò mọ̀ mí mọ́ ni?" Mi ò lè gbàgbé ohùn Màmá lọ́jọ́ yẹn.

Mi ò sọ pé kí ọmọ má lọ́rẹ̀ẹ́. Mò ń sọ pé èdè ń lọ díẹ̀díẹ̀, ẹni tó wà nílé kì í mọ ìgbà tó ń lọ.

Alàgbà Sábóńgàrì

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ gbogbo ilé. Ọdún 38 ni mo lò ní Sábóńgàrì Kánò kí n tó fẹ̀yìn tì sí Ìlọrin. Ẹ̀gbọ́n Lúgbé, ìrora yín yé mi. Ṣùgbọ́n ẹ wò ó, èdè wo ni ọmọ yín fi dá ìyá àgbà lóhùn? Ẹ ní Òyìnbó ni. Ṣé ọ̀rẹ́ tó ní ní Kàdúná ló kọ́ ọ ní Òyìnbó, àbí àwa òbí la ń sọ ọ́ sí i nínú pálọ̀? Mo bí ọmọ 5 sí Kánò. Gbogbo wọn ló ń sọ Háúsá bí onílẹ̀, kò sì sí ọ̀kan tó gbàgbé Yorùbá, nítorí bí wọ́n bá ti kọjá ẹnu ọ̀nà mi, Yorùbá ni. Lálẹ́, àlọ́ ni. Àwọn ọ̀rẹ́ wọn tó jẹ́ Háúsá máa ń dúró gbọ́. Wọn kò mọ ìtàn ìjàpá tí mò ń pa, ṣùgbọ́n bí mo bá ti pe "Ààlọ́ o!", àwọn ló ń kọ́kọ́ dáhùn pé "Ààlọ̀!" Ẹ sọ fún ọkọ yín, Ìyá Ọmọ Mẹ́ta, pé kí òun fúnra rẹ̀ máa pa àlọ́ fún ọmọ náà. Ìyẹn ni iṣẹ́ tirẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ yìí.

Ó kù sí ọ̀rọ̀ owó. Ẹ má fi owó lọ obìnrin yẹn mọ́. Ohun tó ń fún ọmọ yín kì í ṣe ọjà. Ahá tó gbé kúnú wá ni kò gbọdọ̀ padà lófìfo. Kì í ṣe lọ́jọ́ kejì o. Ẹni tó bá yára dá a padà, á dà bíi pé gbèsè ló ń san. Ẹ jẹ́ kó tó ọjọ́ mẹ́ta tàbí mẹ́rin, kí ẹ wá dín àkàrà sínú abọ́ kan náà. Wọ́n mọ àkàrà, ƙosai ni wọ́n ń pè é, òun gan-an ni wọ́n sì fi ń mu kúnú. Mọ́ínmọ́ín náà dára. Ẹ má fi ẹran sí i, nítorí wọn kò mọ ẹni tó pa á, ẹ má kó ìyá ilé sí wàhálà.

Kí ọmọ ni kí ó gbé e lọ, kó fi ọwọ́ ọ̀tún gbé e sílẹ̀. Bí ọkọ yín bá ní nǹkan láti sọ, kó dúró níta kó kí, kó má wọ àgbàlá lọ bá obìnrin ilé. Ẹ kọ́ ọmọ ní gbólóhùn yìí: Mama ta ce in kawo. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé màmá mi ní kí n gbé e wá. Bí wọ́n bá wà nídìí oúnjẹ tí wọ́n sì pè é pé Bismillah, wọ́n ń ní kó wá jẹ nìyẹn. Kó tọ́ díẹ̀ wò, kó sọ pé na gode, ìyẹn ẹ ṣeun.

Tí ààwẹ̀ bá dé, ẹ ó gbọ́ tí wọ́n ń pe ìṣínu ní shan ruwa, ìyẹn omi mímu. Nígbà yẹn ni kúnú ń pọ̀ jù nínú ilé. Bí ẹ bá lè ra dàbínù díẹ̀ kí ọmọ gbé e lọ fún wọn kí oòrùn tó wọ̀, wọn kò ní gbàgbé yín.

Mo gbọ́ tí ẹ ní ẹ kò gbọ́ Háúsá ju sannu lọ. Ẹ gbọ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àlùbọ́sà, albasa ni. Tákàdá, takarda. Fìtílà, fitila. Wàhálà, wahala náà ni. Àlàáfíà, lafiya. Dàbínù, dabino. Kànáfùrù tó wà nínú kúnú yẹn, kanumfari ni lọ́dọ̀ wọn. Púpọ̀ nínú wọn ti èdè Lárúbáwá wá, a jọ gbà wọ́n lọ́nà ọjà ni. Ẹ na àlùbọ́sà sókè níwájú obìnrin náà, kí ẹ pè é, kí òun náà pè é.

Ọmọ Bwari

Bàbá, ẹ kú àlàyé. Mo fẹ́ fi ẹyọ kan kún un. Kì í ṣe gbogbo ará Òkè Ọya ni Háúsá o, pàápàá ní Àbújá níbí. Kí ìjọba tó yan ibí ṣe olú ìlú lọ́dún 1976, àwọn Gbágyi, Kóró, Gádè àti Básà ló ti wà lórí ilẹ̀ wọn. Gbágyi ni ọ̀rẹ́ ọmọ mi. Odidi oṣù mẹ́ta ni mo fi ń kọ́ ọmọ mi ní Háúsá kó lè bá a sọ̀rọ̀, àṣé Háúsá kì í ṣe èdè ilé ọmọ náà, àwọn méjèèjì jọ ń kọ́ ọ ni. Ẹ máa kọ́kọ́ béèrè èdè ilé wọn. Inú ìyá ọmọ yẹn dùn lọ́jọ́ tí mo béèrè, ó ní kò sẹ́ni tó béèrè rí.

Bákan náà, ẹ kọ́ ọmọ yín pé kó má mu ohunkóhun tí kò mọ orúkọ rẹ̀ lọ́dọ̀ àjèjì. Burukútù ń bẹ ládùúgbò wa, ọkà bàbà ni wọ́n fi ń ṣe é, ọtí ni, bí wọ́n bá sì bù ú sínú igbá, ọmọ kékeré lè pè é ní kúnú.

Ìyá Oníkúnú Nyanya

Ẹ jẹ́ kí n bá Ìyá Ọmọ Mẹ́ta yanjú ọ̀rọ̀ omi. Má bi í léèrè kankan, ọmọ ìyá mi. Sọ fún un pé kó kọ́ ẹ ní kúnú ṣíṣe, ní yàrá tìẹ, pẹ̀lú omi tí ìwọ ti sè tó ti tutù. Oníṣẹ́ ọwọ́ kì í bínú sí ẹni tó ní kó wá kọ́ òun. Ọmọ Ìkìrun ni mí, Háúsá ló kọ́ mi, òun ni mo sì ń tà jẹun láti ọdún 2009.

Bí o bá ti mọ ògì ṣe, o ti mọ ọ̀nà rẹ̀ débi tó pọ̀. Rẹ múdù jéró kan mọ́jú. Tí ilẹ̀ bá mọ́, fọ̀ ọ́, máa yí i nínú igbá kí òkúta lè fìdí kalẹ̀, kó o máa da jéró ojú rẹ̀ sínú abọ́ mìíràn. Fi atalẹ̀, kànáfùrù àti ata gbígbẹ díẹ̀ sí i, kó o gbé e lọ sí ẹ̀rọ. Tọmọdé ni o, má jẹ́ kí ata pọ̀. Pín in sí mẹ́ta. Da omi tó ń hó yaya lu ìpín méjì, máa rò ó títí yóò fi ki bí ẹ̀kọ gbígbóná. Jẹ́ kó lọ́ wọ́ọ́rọ́. Ìpín kẹta tí o kò da omi gbígbóná sí, lọ ànàmọ́ tútù kan mọ́ ọn, kó o wá pò wọ́n pọ̀, kó o dé e mọ́jú. Bó o bá ṣí i láàárọ̀, á ti ṣàn. Ànàmọ́ yẹn ló ń sọ ọ́ di fífúyẹ́, òun náà ló ń mú un dùn. Bó o bá pò ó mọ́ ọn nígbà tó ṣì gbóná, kò ní ṣàn, yóò dì síbẹ̀ ni. Sẹ́ ẹ, fi dàbínù tó o ti lọ̀ sí i, ṣúgà kò pọn dandan.

Ìsẹ́ yẹn ni kó o fi sílẹ̀ fún àwọn ọmọ, bí wọ́n bá ti fọwọ́ pẹ̀lú ọṣẹ. Da kúnú sínú aṣọ funfun tó mọ́, kí ọ̀kan di etí aṣọ kan mú, kí èkejì di èkejì mú, kí wọ́n máa lọ́ ọ. Bí àwọn méjèèjì bá lọ́ ọ sí apá kan náà, omi kankan kò ní jáde. Àfi kí ọ̀kan lọ sí ọ̀tún, kí èkejì lọ sí òsì. Kò sí bí o ṣe lè fẹnu ṣàlàyé ìyẹn fún ọmọ, ní èdèkédè. Wọ́n á wo ọwọ́ ara wọn títí wọ́n á fi rí i.

Nọ́ọ̀sì Alẹ́ (Gwágwáládà)

Omi sísè, ọṣẹ, aṣọ tó mọ́. Mi ò ní ohun tí mo fẹ́ fi kún un. Ẹ ṣeun, Màmá.

Ìyá Ọmọ Mẹ́ta (Kúbwà)

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o. Ó ti di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, mo ní kí n wá jíṣẹ́.

Àkàrà ni mo kọ́kọ́ fi ránṣẹ́, ọjọ́ kẹrin, nínú ahá kan náà bí Alàgbà ti wí. Ọmọ mi ń wí gbólóhùn yẹn lẹ́nu láti ibi àdògán títí dé ẹnu ọ̀nà wọn, Mama ta ce in kawo, Mama ta ce in kawo. Ó débẹ̀, ó gbàgbé gbogbo rẹ̀, ó kàn na abọ́ náà. Obìnrin náà gbà á, ó wò mí lókèèrè, ó gbé ọwọ́ lé àyà.

Sátidé tó kọjá ló wá sí yàrá wa. Ọmọbìnrin rẹ̀ tó gbọ́ Òyìnbó ló kọ́kọ́ ń gbé ọ̀rọ̀ fún wa, ó ṣe díẹ̀, ó bá ìwé rẹ̀ lọ. A wá ku èmi àti òun, pẹ̀lú jéró. Mo na àlùbọ́sà sókè. Mo pè é, òun náà pè é, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó. Gbogbo nǹkan tó wà ní kíṣìnnì mi la jọ pè lórúkọ tán lọ́jọ́ náà.

Àwọn ọmọ ń ka kànáfùrù sínú abọ́. Ọ̀kan á ní ɗaya, èkejì á ní ení. Biyu, èjì. Uku, ẹ̀ta. Wọ́n ka 10, wọ́n dà á padà, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n kà á, kànáfùrù tí kò ju 10 lọ. Ní ti aṣọ lílọ́, bí Ìyá Oníkúnú ti sọ ọ́ ló rí. Apá kan náà ni wọ́n kọ́kọ́ ń lọ́ ọ sí, aṣọ kàn ń yí lófìfo. Ọmọ kejì dáwọ́ dúró, ó wo ọwọ́ ọmọ mi, ó wo tirẹ̀, ó yí tirẹ̀ padà. Kúnú ya jáde, ó ta sí wọn lójú àti sí aṣọ.

Ìyá rẹ̀ wá sọ nǹkan kan ní Háúsá, tó ń wo ọmọ tèmi. Mi ò gbọ́ ọ. Ọkọ mi wà lẹ́nu ọ̀nà, òun náà kò gbọ́ ọ. Ọmọ mi kò gbójú sókè, ó ń lọ́ aṣọ lọ, ó ní, "Màmá, wọ́n ní ká rọra, kí aṣọ má baà ya." Ọkọ mi wò mí. Lálẹ́ ọjọ́ náà, kò dúró kí n rán òun létí, ó gbé àga síta, ó bẹ̀rẹ̀ àlọ́.

Ohun tó kù báyìí ni jéró. Èyí tí mo rà ní òkúta púpọ̀, a fọ̀ ọ́ fọ̀ ọ́, ó ṣì ń ró léyín. Obìnrin ilé wa ní ẹni tí òun ń rà á lọ́wọ́ rẹ̀ ti rìnrìn àjò lọ sílé, kò ní dé títí oṣù yóò fi parí. Ẹ jọ̀ọ́, nínú ẹ̀yin tó wà ní ìhà Kúbwà, Dutse tàbí Zuba, ta ló mọ ẹni tó ń ta jéró tó mọ́, tó ń fi múdù wọ̀n ọ́n? Sátidé ti ń bọ̀, àwọn méjèèjì ti fọ aṣọ ìsẹ́ sá sórí okùn láti àná.